Ẹni Tó Wọlé Jẹ́jọ́ fún Bàbá Kọ́kọ́rọ́

Mi ò ní bá ẹnikẹ́ni jiyàn lórí ọ̀rọ̀ yìí. Ẹni tó bá fẹ́ pè é ní irọ́, kó máa pè é bẹ́ẹ̀. Ìyàwó ọkùnrin tó ṣẹlẹ̀ sí ló sọ ọ́ fún mi, ọkùnrin náà sì jókòó tì í, kò já a nírọ́. Ìyẹn tó mi.

Bàbá Kọ́kọ́rọ́ ni wọ́n ń pè é níbi iṣẹ́, torí òun ló ń tọ́jú ilé ẹrù ìjọba. Ó kù díẹ̀ kó fẹ̀yìn tì ni ẹ̀rọ kan sọnù níbẹ̀ nígbà tí òun wà nínú ìsinmi. Wọ́n ní kó wá sọ tẹnu rẹ̀. Ọ̀gá tó yẹ kó gbọ́ ẹjọ́ náà rìnrìn àjò, wọ́n sún un síwájú. Ọ̀gá mìíràn dé, kò tíì jókòó dáadáa tí òun náà fi fẹ̀yìn tì, ó gba owó tirẹ̀, ó lọ sílé. Ẹjọ́ Bàbá Kọ́kọ́rọ́ wà níbi tó wà. Nígbà tí ọjọ́ ìfẹ̀yìntì tirẹ̀ pé, wọ́n ní òfin kò gbà kí ẹni tí ẹjọ́ ń bẹ lọ́rùn rẹ̀ gba owó ìfẹ̀yìntì. Wọn ò dá a lẹ́bi, wọn ò dá a láre. Wọ́n kàn gbé e kọ́ bí ẹran gbígbẹ.

Àárín ìgbà yẹn ni awọ funfun bẹ̀rẹ̀ sí í bo ojú ìyàwó rẹ̀. Dókítà ní iṣẹ́ abẹ lè là á, ṣùgbọ́n bó bá pẹ́ jù, ojú náà lọ nìyẹn. Owó ìfẹ̀yìntì yẹn nìkan ni wọ́n gbẹ́kẹ̀ lé.

Nígbà tí wọ́n wá ránṣẹ́ pé ìgbìmọ̀ fẹ́ jókòó, ìyàwó rẹ̀ ní òun yóò tẹ̀ lé e.

"Kí lo fẹ́ lọ ṣe níbẹ̀?"

"Mo fẹ́ fi etí ara mi gbọ́ ọ."

Wọ́n jókòó sórí àga níwájú yàrá ìgbẹ́jọ́ láti òwúrọ̀. Iná ò sí. Fáànù ò yí. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ náà gùn, ó ṣókùnkùn, ó ń rùn bí ìwé tí òjò pa. Kò sí ẹlòmíràn níbẹ̀ àfi òjíṣẹ́ ọ́fíìsì kan tó ń tòògbé lẹ́nu ọ̀nà.

Nígbà tó yá, ìtọ̀ ń gbọ̀n Bàbá Kọ́kọ́rọ́. Ó bọ́ ẹ̀wù òtútù rẹ̀, ó fi kọ́ ẹ̀yìn àga.

Ẹ má rẹ́rìn-ín. Bí àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba ṣe ń ṣe nìyẹn. Bí o bá fẹ́ yọ́ jáde, fi ẹ̀wù rẹ sórí àga, ẹni tó bá ń wá ọ á rò pé o ò jìnnà. Gbogbo ọdún tó fi ṣiṣẹ́, ẹ̀wù yẹn jókòó síbi iṣẹ́ ju òun fúnra rẹ̀ lọ.

"Bí wọ́n bá pè mí, sọ pé mo ń bọ̀," ó wí fún ìyàwó rẹ̀.

Kò pẹ́ tó fi padà. Ẹ̀wù náà kò sí lórí àga mọ́. Wọ́n ti ti ilẹ̀kùn yàrá náà. Ìyàwó rẹ̀ dẹ etí sílẹ̀, kò mira.

"Ìyá wọn, ta ló mú ẹ̀wù mi?"

Obìnrin náà ta gìrì.

"Ta nìyẹn?"

"Èmi ni."

"Rárá o. Bàbá wọn wà nínú yàrá. Wọ́n pè wọ́n, wọ́n dáhùn, ẹ̀gbẹ́ mi níbí ni wọ́n ti dìde. Ṣé ẹ ò gbọ́ ohùn wọn ni?"

Ó gbọ́ ọ. Ẹnì kan wúkọ́ lẹ́yìn ilẹ̀kùn. Ikọ́ tirẹ̀ ni. Lẹ́yìn náà ló gbọ́ ohùn ara rẹ̀, jẹ́jẹ́, tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀.

"Ẹ dákun, ẹ̀yin ọ̀gá. Mi ò tíì múra tán. Ẹ bá mi sún un síwájú."

Ẹ̀rù bà á. Ó fi ọwọ́ méjèèjì lu ilẹ̀kùn.

"Irọ́ ni! Mo ti múra! Ẹ gbọ́ ẹjọ́ mi!"

Ó yíjú sí òjíṣẹ́.

"Ẹ gbà mí, èmi ni wọ́n ń pè!"

Òjíṣẹ́ la ojú kan. "Bàbá, ẹni tí wọ́n pè ti wọlé. Ẹ ní sùúrù, tiyín ń bọ̀."

Nígbà tí ilẹ̀kùn ṣí, àwọn ìgbìmọ̀ ti ń kó ìwé wọn. Àga kan wà níwájú tábìlì wọn. Ẹ̀wù òtútù rẹ̀ wà lórí rẹ̀, kò sẹ́ni tó wọ̀ ọ́, ẹ̀wù náà sì gbé apá rẹ̀ méjèèjì lé tábìlì. Bàbá Kọ́kọ́rọ́ fọwọ́ kàn án. Ó lọ́ wọ́ọ́rọ́.

"Ọ̀gá, ẹ dúró. Èmi kọ́ ni mo sọ̀rọ̀ yẹn."

Obìnrin tó jẹ́ alága wò ó tàánútàánú. "Bàbá, ohun tí ẹ bẹ̀ wá náà la ṣe fún yín."

"Ìgbà wo la máa padà wá?"

"A máa ránṣẹ́ pè yín."

Wọ́n ń lọ sílé, ìyàwó di apá rẹ̀ mú bó ṣe máa ń ṣe.

"Bàbá wọn, kí ló dé tí ẹ ní kí wọ́n sún un?"

"Èmi kọ́. Mo fi àwọn ọmọ wa búra."

"Ẹ má fi ọmọ búra. Ojú mi ló ń lọ, etí mi ò lọ."

Ó ń sunkún, kò pariwo. Ó jọ̀wọ́ apá ọkọ rẹ̀, ó na ọwọ́ títí tó fi kan ògiri, ó ń tá ògiri náà lọ. Ọkùnrin náà ń tẹ̀ lé e lẹ́yìn. Ó fẹ́ pè é, ṣùgbọ́n ẹ̀rù ohùn ara rẹ̀ ń bà á.