Aṣọ Opó Abíọ́nà

Misturat na aṣọ dúdú kan sókè kí gbogbo kíláàsì lè rí i dáadáa. Aṣọ kíjìpá ni, ó nípọn, ó sì wúwo. Aró ti wọ inú òwú rẹ̀ débi pé bí ìmọ́lẹ̀ ojú fèrèsé ṣe kàn án, ńṣe ló ń dán.

"Ọmọ ọba ni ìyá ńlá wa," ó wí. "Ìgbòho ló ti gun ẹṣin wá sí Ìsẹ́yìn níbí. Ẹrú méje ló ń tẹ̀ lé e lẹ́yìn. Ọ̀kan gbé àga rẹ̀, ọ̀kan gbé aṣọ tí ẹ ń wò yìí."

Irọ́ ni. Irọ́ tó yáàyì, tó wọṣọ, tó lé tìróò. Misturat kò tíì fojú kan Ìgbòho rí, ẹṣin tó sì mọ̀ kò ju èyí tó ń rí nínú fóònù lọ. Ṣùgbọ́n ọmọ náà mọ ọ̀rọ̀ sọ. Nígbà tó dórí ibi tí ọmọ ọba sọ̀kalẹ̀ lórí ẹṣin tí gbogbo ọjà dọ̀bálẹ̀, kíláàsì pàtẹ́wọ́ títí tí àwọn tó wà ní yàrá kejì fi wá yọjú.

Ọ̀gbẹ́ni Cornelius, olùkọ́ ìtàn, bọ́ gíláàsì ojú rẹ̀, ó nù ún, ó tún fi í sójú. "Ìwọ ni wàá ṣojú kíláàsì yìí lọ́la, ọjọ́ Jímọ̀," ó ní. "Àwọn àgbààgbà ìlú ń bọ̀ wá gbọ́ ìtàn ilé kọ̀ọ̀kan, ẹni tó bá sì mókè ló ń lọ díje ní Ìbàdàn. Mú aṣọ yẹn wá. Ara ògiri gbọ̀ngàn ni màá gbé e kọ́."

Ó ká aṣọ náà, ó kó o sínú kọ́bọ́ọ̀dù onírin, ó tì í, ó sì ju kọ́kọ́rọ́ sápò. Misturat kò lè gbà á padà mọ́. Ṣebí àárọ̀ ọjọ́ náà nìkan ló fẹ́ fi lo aṣọ ọ̀hún. Ó ti rò ó pé kí ìyá bàbá òun tó jí lójú oorun ọ̀sán, aṣọ á ti padà sínú àpótí.

Rótìmí ló fà á. Lọ́jọ́ Ajé, ọmọkùnrin yìí ti dúró síwájú kíláàsì, ó ń ròyìn bàbá ńlá rẹ̀ kan tó ń jẹ́ Àdìgún, jagunjagun tó kó ọgọ́rin ẹrú wálé lójú ogun kan ṣoṣo. Ẹnì kan wá bi í pé, "Àwọn ẹrú náà wá ńkọ́?" Rótìmí gbé èjìká. "Àwọn ọmọ wọn ṣì wà nílùú yìí. Ṣé wọ́n á wá sọ fún ẹ ni?" Kíláàsì bú sẹ́rìn-ín. Misturat náà rẹ́rìn-ín, tirẹ̀ ló tiẹ̀ pariwo jù. Ó mọ ohun tó ń fi ẹ̀rín bò. Nígbà tó wà lọ́mọ ọdún mẹ́sàn-án, ó ti gbọ́ tí Wàhábì, bàbá rẹ̀, ń sọ fún ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan pé wọ́n kó ìyá ńlá ilé àwọn lẹ́rú lójú ogun ni. Kò gbọ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ, kò sì béèrè. Láti ọjọ́ náà ló ti gbé e sínú bí ẹní gbé egbò.

Nígbà tó délé lọ́sàn-án Ọjọ́bọ̀, Ìyá àgbà ti jókòó síwájú àpótí, ọmọrí rẹ̀ ṣí sílẹ̀.

"Ẹ káàsán mà, Ìyá àgbà."

"Káàsán, Misturat. Aṣọ dúdú dà? Mo fẹ́ sá a sóòrùn. Aago mọ́kànlá àárọ̀ ọ̀la ni lèmọ́mù ń bọ̀ wá ṣàdúrà tí ìyá rẹ yóò fi jáde."

Wàhábì ló kú. Ọlọ́run kẹ́ ẹ. Oṣù mẹ́rin àti ọjọ́ mẹ́wàá ni Mùyìbátù, ìyá Misturat, ti fi wà nínú opó. Àwọn obìnrin ilé mìíràn máa ń fi aṣọ tuntun jáde lọ́jọ́ tí opó wọn bá parí. Ní Ilé Aláró, agbolé ti Misturat, aṣọ dúdú inú àpótí yìí ni opó ń wọ̀ jáde, kò sì sí òmíràn.

"Mi ò mọ̀ o" ti dé ètè Misturat. Ọmọdé pọ̀ nínú agbolé náà, ó lè tì í sí ọ̀kan nínú wọn lọ́rùn. Ó wo ilẹ̀kùn yàrá ìyá rẹ̀. Ó wá kúnlẹ̀, ó sì sọ gbogbo rẹ̀, látorí ẹṣin dórí kọ́bọ́ọ̀dù.

Ìyá àgbà kò bú u. Ì bá sàn kó bú u.

"Ọmọ ọba," ni ìyá náà wí nígbà tó yá. "Ta ló sọ ọ́ dọmọ ọba?"

"Èmi ni, mà."

"O kú iṣẹ́." Ó pa àpótí dé. "Jókòó sílẹ̀. Obìnrin tó bá fẹ́ wọ aṣọ yìí nìkan la máa ń sọ ìtàn rẹ̀ fún. Àmọ́ ìwọ ti gbé e kọ́ èjìká ná, àfi kí n sọ ọ́ fún ọ. Abíọ́nà lorúkọ rẹ̀. Abúlé kan ló ti wá, lọ́nà Komu lọ́hùn-ún, abúlé náà kò sí mọ́. Òwúrọ̀ ọjọ́ tógun dé ni wọ́n pa ọkọ rẹ̀. Kò tíì ráyè fi aṣọ bo òkú tí wọ́n fi so okùn mọ́ òun náà lọ́wọ́. Oyún wà nínú rẹ̀. Ilé Àdìgún ni wọ́n mú un wá."

"Ilé Rótìmí," Misturat ní.

"Èmi ò mọ Rótìmí. Nígbà tí Abíọ́nà débẹ̀, ó bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n jẹ́ kóun ṣe opó ọkọ òun. Wọ́n fi í rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní ẹrú kò ní ọkọ, báwo ló ṣe máa wá di opó? Wọ́n gbé e ti ìdí òfì. Òfì obìnrin ni o, èyí tí wọ́n ń gbé ti ara ògiri, kì í ṣe ti àwọn ọkùnrin tí o ń rí nígboro. Ó ń hun kíjìpá fún wọn. Lọ́jọ́ ìsinmi, á hun tara rẹ̀. Ọdún mọ́kànlá ló fi ṣe bẹ́ẹ̀, ó sì fi owó aṣọ rẹ̀ ra ara rẹ̀ àti ọmọ rẹ̀ padà."

"Ó wá padà sábúlé wọn?"

"Abúlé wo? Àwọn èèyàn ní kó wá ọkọ fẹ́. Abíọ́nà gba ìdí ògiri kan níbi tí ilé wa wà yìí, ó hun aṣọ kan, ó fi aró pa á títí tó fi dúdú kirikiri, ó sì wọlé lọ ṣe opó. Opó ọkọ tó ti kú láti ọdún mọ́kànlá sẹ́yìn. Ìlú fi í ṣe yẹ̀yẹ́, kò yọjú sí wọn. Gbogbo ọjọ́ opó pé, kò dín ẹyọ kan. Nígbà tó jáde, opó méjì tí wọ́n jọ kó lẹ́rú wá bá a pé kó yá àwọn láṣọ náà. Ó ní rárá, ẹrú kọ́ ló ń wọ̀ ọ́. Ó tún padà sídìí òfì, ó hun aṣọ títí tó fi ra àwọn méjèèjì sílẹ̀, ó wá gbé aṣọ dúdú náà fún wọn. Àwọn mẹ́ta yẹn ló bẹ̀rẹ̀ ilé yìí."

Misturat kò mọ ìgbà tí omijé fi bọ́ lójú rẹ̀. Láti ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ló ti ń fi obìnrin yìí pamọ́ bí ẹni tó jalè.

"Ẹ bá mi lọ síléèwé lọ́la, mà. Ẹ ṣàlàyé fún wọn."

"Èmi kọ́ ni mo sọ ọ́ dọmọ ọba," Ìyá àgbà ní. "Lọ gbé aṣọ náà wá. Kí lèmọ́mù tó dé ni o."

Nígbà tí aago mẹ́sàn-án fi máa lù lọ́jọ́ Jímọ̀, gbọ̀ngàn ti kún. Aṣọ dúdú náà wà lára ògiri, ìwé funfun kan sì wà lábẹ́ rẹ̀ tí wọ́n kọ "Aṣọ Ọmọ Ọba láti Ìgbòho" sí gàdàgbà. Misturat sáré lọ bá olùkọ́ rẹ̀.

"Ẹ jọ̀ọ́ sà, mo fẹ́ gba aṣọ wa. Wọ́n nílò rẹ̀ nílé báyìí."

"Báyìí kẹ̀? Lẹ́yìn ètò. Tó bá pẹ́ jù, aago méjì."

Ó lè sọ pé Ìyá àgbà ṣubú lulẹ̀. Ọ̀gbẹ́ni Cornelius aláàánú èèyàn ni, kíá ló máa yọ aṣọ náà fún un, á tún fi ọ̀kadà tirẹ̀ gbé e délé, ìtàn ọmọ ọba á sì wà bó ṣe wà. Ọ̀rọ̀ náà dùn lẹ́nu rẹ̀ bí ṣúgà. Ó gbé e mì.

"Sà, ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ̀rọ̀, kí àwọn tó kù tó bẹ̀rẹ̀."

Ó gun orí pèpéle. Ó di etí tábìlì mú.

"Mo kí gbogbo ẹ̀yin àgbà," ó ní. "Irọ́ ni mo pa fún kíláàsì mi. Aṣọ yìí kì í ṣe tọmọ ọba. Aṣọ opó tí wọ́n kó lẹ́rú ni. Abíọ́nà lorúkọ rẹ̀, ilé Àdìgún ló sì ti ṣe ẹrú."

Ariwo sọ. Ẹnì kan láti ẹ̀yìn ní, "Ọmọ ẹrú," ó sì sọ ọ́ kó lè dé etí rẹ̀.

"Bẹ́ẹ̀ ni," Misturat dáhùn. "Ọmọ ẹni tó fi ọwọ́ ara rẹ̀ hun òmìnira rẹ̀ ni mí. Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ fún yín."

Ó sọ ọ́. Kò fi ẹṣin sí i, kò fi àga sí i. Ó sọ okùn, ó sọ òfì, ó sọ ọdún mọ́kànlá, ó sọ opó tí ìlú fi ṣe yẹ̀yẹ́ àti àwọn méjì tí wọ́n tún rà sílẹ̀. Nígbà tó parí, ó ní, "Ìyá mi ń jáde opó láago mọ́kànlá òní. Aṣọ náà ni yóò wọ̀. Ìdí nìyẹn tí mo fi ń bẹ̀ yín kí n gbé e lọ."

Kò sẹ́ni tó pàtẹ́wọ́. Ní ìlà iwájú, bàbá arúgbó kan fi ọ̀pá gbéra dìde. Baba Ọlátúnjí ni, bàbá àgbà Rótìmí, olórí ilé Àdìgún. Rótìmí doríkodò.

"Ọmọ mi, kí lo pe orúkọ rẹ̀?"

"Abíọ́nà, bàbá."

"Abíọ́nà." Bàbá náà mi orí. "Láti kékeré ni wọ́n ti kọ́ mi ní iye ẹrú tí bàbá ńlá wa kó wálé. Mo sì ti kọ́ ọmọ-ọmọ mi. Kò sẹ́ni tó kọ́ mi lórúkọ ẹyọ kan nínú wọn, èmi náà ò sì béèrè. Rótìmí, dìde, bá mi yọ aṣọ yẹn."

Rótìmí gun bẹ́ǹṣì, ó yọ ọ́. Bàbá náà gbé ọ̀pá rẹ̀ ti àga, ó ká aṣọ náà fúnra rẹ̀, etí sí etí, ó wá fi ọwọ́ méjèèjì gbé e fún Misturat.

"Sọ fún ìyá rẹ pé ilé Àdìgún ní kú àṣẹ̀yìndè. Tí ẹ bá ní bí ẹ ṣe ń bá Abíọ́nà sọ̀rọ̀, ẹ bá wa kí òun náà. Ìkíni tiwa ti pẹ́ jù."

Lẹ́nu ọ̀nà, Ọ̀gbẹ́ni Cornelius bá a. Ó ti ya ìwé funfun náà kúrò, ó ká a mọ́ ọwọ́. "Ohun tó o ṣe yìí wú mi lórí," ó ní. "Ṣùgbọ́n irọ́ lo fi wọ ìdíje yìí, Misturat. Mo gbọ́dọ̀ pa orúkọ rẹ rẹ́. Ẹlòmíràn ló máa lọ sí Ìbàdàn."

"Mo gbọ́, sà." Ó dùn ún wọra. Ó gun ọ̀kadà, ó di aṣọ náà mọ́ àyà, kò sì wẹ̀yìn.

Lèmọ́mù ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bọ́ bàtà nígbà tó délé. Ìyá àgbà gba aṣọ náà, ó wò ó tinú tẹ̀yìn, ó gbé e wọnú yàrá. Lẹ́yìn àdúrà, Mùyìbátù yọ sí ẹnu ọ̀nà, aṣọ dúdú náà bò ó láti àyà dé kókósẹ̀. Ó ti rù, ṣùgbọ́n ó nàró. Ìyá àgbà dúró níwájú rẹ̀ bí àwọn ìyá ọkọ ilé náà ti ń ṣe látọdún gbọ́nhan.

"Mùyìbátù, ta ló ni ọ́?"

"Ọlọ́run ló ni mí. Lẹ́yìn Rẹ̀, èmi ni mo ni ara mi."

Ẹ̀ẹ̀mẹta ló bi í, ẹ̀ẹ̀mẹta ló dáhùn, ọ̀kọ̀ọ̀kan ń ròkè ju ti ìṣáájú lọ. Mùyìbátù wá gbé ẹsẹ̀ kọjá ẹnu ọ̀nà sínú oòrùn. Orí Misturat wú débi tó fi ń wá ibi tó máa gbé e sí. Ó kúnlẹ̀, ó jíṣẹ́ Baba Ọlátúnjí fún wọn. Ìyá àgbà wo aṣọ ara ìyàwó ọmọ rẹ̀.

"Abíọ́nà ti gbọ́," ó ní.

Lọ́jọ́ Ajé tó tẹ̀ lé e, Rótìmí gbé ìwé àjákọ wá sí Ilé Aláró. Ó dọ̀bálẹ̀ fún Ìyá àgbà, ó ní bàbá àgbà òun ní kí òun wá béèrè orúkọ àwọn opó méjì tó kù. Ìdòwú ni ọ̀kan, Àsàkẹ́ ni ìkejì. Ó kọ wọ́n sílẹ̀, ó ka sípẹ́lì rẹ̀ sókè kó má bàa ṣì í.

Ohun tó ń ti Misturat lójú láti kékeré kò tó ìtìjú rárá; ìdajì ìtàn ló gbọ́, ó wá ń sá fún ìdajì tó kù. Ọmọ tó bá gbọ́ pé ìyà jẹ àwọn tó bí i, kó má ṣe tìtorí ẹ̀ lọ yá ìdílé ẹlòmíràn wọ̀. Kó lọ jókòó ti àgbà ilé rẹ̀, kó béèrè ohun tí wọ́n ṣe lẹ́yìn ìyà náà. Misturat kò dé Ìbàdàn lọ́dún yẹn. Ṣùgbọ́n tí wọ́n bá bi í lónìí pé ọmọ ta ni, kì í ronú lẹ́ẹ̀mejì kó tó dáhùn pé ọmọ Abíọ́nà ni òun.