Ife Tó Kúrò Lójú Wíńdò

Etí aṣọ aláwọ̀ ewé kan ló kọ́kọ́ mú kí ara fu mí. Télọ̀ ni mí, inú ilé ni mo ti ń ránṣọ. Mo gé aṣọ náà lálẹ́ àná, mo tẹ́ ẹ sórí tábìlì, mo sì mọ bí mo ṣe fi í sílẹ̀. Nígbà tí mo jí, ẹnì kan ti ya tẹ́ẹ́rẹ́ kan kúrò létí rẹ̀. Kì í ṣe àlùmọ́gàjí ló lò, yíya ló ya á.

"Kíákíá!" mo pe ìyàwó mi. "Ta ló ya aṣọ oníbàárà mi?"

"Ẹ fi ti aṣọ sílẹ̀!" ó dáhùn láti kíṣìnì. "Ife tó kù ò sí lójú wíńdò mọ́."

Kíákíá kì í ṣe orúkọ àbísọ. Ìyá rẹ̀ ló sọ ọ́ bẹ́ẹ̀, torí ìyàwó mi ò lè dúró kí omi hó kó tó ṣí ìkòkò wò. Ọ̀dọ̀ wa ni Màmá gbé títí wọ́n fi kú. Láti ọjọ́ tí a ti sin wọ́n ni yàrá wọn ti wà ní títì, ọrùn ìyàwó mi sì ni kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ ń gbé.

Màmá ló gbin igi òdòdó iwájú ilé wa. Bó bá tanná, gbogbo ojú títì á pọ́n fẹ́ẹ́rẹ́, àwọn tó ń kọjá á dúró wò ó. Ṣùgbọ́n wọ́n fẹ́ fẹ ọ̀nà, ọ̀gá àwọn tó ń ṣe é sì ti fi ọ̀dà funfun sàmì sára igi náà. Igi ọ̀hún kì í so, kò ní irúgbìn. Ẹ̀ka rẹ̀ nìkan lèèyàn lè gé gbìn. Ìdí nìyẹn tí ìyàwó mi fi gé ẹ̀ka wẹ́wẹ́, tó rì wọ́n sínú àwọn ife oníyẹ̀pẹ̀, tó sì tò wọ́n sójú wíńdò. Bí igi náà bá lọ láìfi ọmọ sílẹ̀, ohun tó kẹ́yìn tí ọwọ́ ìyá rẹ̀ gbìn lọ nìyẹn.

Ọ̀kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ń kú, mo sì mọ ẹni tó ń pa wọ́n. Ìyàwó mi náà ni. Èyí tó bá yọ ewé kékeré báyìí, á fà á tu láti wò ó bóyá ó ti ta gbòǹgbò, á sì tún tì í padà.

"Mo kàn ń yọjú wò ó ni," á ní.

"Ta ló ń yọ ọmọ nínú oyún láti wò ó bóyá ó ti hurun?" èmi náà á ní. Á bínú sí mi, á sì tún fa òmíràn tu lọ́jọ́ kejì.

Èyí tó kù wá ti dàwátì. A tú gbogbo ilé àyàfi yàrá Màmá, a ò rí i. Omi ṣì yí ká ojú ibi tí ife náà jókòó sí. Kíṣìnì ń rùn fún kánfọ̀, irú èyí tí Màmá máa ń fi sáàárín aṣọ wọn. Àwa méjèèjì gbọ́ òórùn náà. Nígbà tí mo dé ẹnu ọ̀nà yàrá Màmá, mo rí omi tó kán sílẹ̀ níbẹ̀. Mo fi ẹsẹ̀ nù ún gbẹ, mo yára padà sídìí ẹ̀rọ ìránṣọ mi. Ọkùnrin ni mí lóòótọ́, àmọ́ àyà mi kì í ṣe irin. Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, omi tún wà níbẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe ń nù ún láràárọ̀.

Lọ́jọ́ tí wọ́n wá gé igi náà, ariwo ẹ̀rọ gba gbogbo ilé. Ìyàwó mi dúró wò ó títí ó fi wó, kò sunkún. Ìgbà tí wọ́n gbá ewé rẹ̀ tán ló tó bú sẹ́kún.

"Mo fẹ́ lọ dùbúlẹ̀ sórí bẹ́ẹ̀dì Màmá," ó ní.

Ó bọ́ kọ́kọ́rọ́ lọ́rùn. Mo tẹ̀lé e. Kọ́kọ́rọ́ náà há díẹ̀ kó tó yí.

Òórùn ilẹ̀ tútù ló kọ́kọ́ pàdé wa. Eruku bo ilẹ̀ yàrá náà, kò sí ojú ẹsẹ̀ kankan níbẹ̀. Lójú wíńdò, ife wa wà níbẹ̀. Ẹ̀ka inú rẹ̀ ti yọ ewé rẹpẹtẹ, wọ́n fi ọ̀rá náílọ́ọ̀nù bò ó lórí, wọ́n sì fi tẹ́ẹ́rẹ́ aṣọ aláwọ̀ ewé so ọ̀rá náà mọ́ ọn lára.

Mo bẹ̀rẹ̀ wò ó. Eyín ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀ yíya aṣọ náà. Ojú eyín méjì hàn níbẹ̀, pẹ̀lú èjí láàárín wọn. Màmá kì í lo àlùmọ́gàjí láyé wọn. Èmi fúnra mi máa ń fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́ pé, "Màmá, ẹ ó jẹ aṣọ mi tán o," wọ́n á sì fi èjí wọn rẹ́rìn-ín.

Ìyàwó mi nawọ́ sí ẹ̀ka náà, ó sì fawọ́ padà fúnra rẹ̀. Kò sídìí láti fà á tu mọ́. Gbòǹgbò ti la ìdí ife kọjá, ó funfun, ó ń wá ilẹ̀.

"Màmá," ó pè wọ́n jẹ́ẹ́jẹ́. Ni ó bá fò sókè, ẹkún àti ẹ̀rín dàpọ̀ lójú rẹ̀. "Ó ti mú! Ọkọ mi, ó ti mú!" Inú mi dùn débi pé mo gbàgbé láti bẹ̀rù.

Ẹ̀yìnkùlé ni a gbìn ín sí. Ó ti ga ju òrùlé lọ báyìí, ẹ̀ka rẹ̀ ni ìyàwó mi sì ń gé gbìn kiri. Ilé tí kò ní ọmọ igi náà ò sí ládùúgbò wa. Lọ́dún tó kọjá, ọ̀gá tó fi ọ̀dà sàmì sí ti àkọ́kọ́ wá, ó ṣí fìlà, ó ní kí a jọ̀wọ́ tà lára rẹ̀ fún àwọn, èyí tí yóò kún ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà lọ́tùn-ún lósì. Kíákíá wò ó láti òkè délẹ̀ kó tó dá a lóhùn. "Ẹ lọ gbẹ́ ihò yín sílẹ̀ ná," ó ní. Mo kí ìyàwó mi kú oríire títí ohùn mi fi há.

Ẹyọ kan ò kú mọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Lánàá òde yìí, ọwọ́ tún yún un, ó nà án sí ẹ̀ka kan. Mo gbọ́ "pà!" láti ibi ẹ̀rọ mi. Ó fawọ́ padà, ó ń rẹ́rìn-ín, ẹ̀yìn ọwọ́ rẹ̀ sì pọ́n.

Ní tèmi, mi ò béèrè ẹni tó ń ya aṣọ mọ́. Bí ilẹ̀ bá ti ń ṣú, mo máa ń fi àjákù aṣọ kan sí etí tábìlì. Tí ilẹ̀ bá mọ́, á ti dín.