Ayaba Tí Ẹnikẹ́ni Kò Mú

"Ṣé o fẹ́ oyè yìí àbí o ò fẹ́?"

Ọmọ kan tí ìyá rẹ̀ jẹ́ nọ́ọ̀sì, tí wọ́n ń pè ní ọmọ nọ́ọ̀sì, ló béèrè bẹ́ẹ̀ níbi ẹ̀rọ omi tó wà lẹ́yìn gbọ̀ngàn ìkàwé tí ìdíje ṣẹ́ẹ̀sì ti ń lọ lọ́wọ́. Ọwọ́ tí kò dọ̀tí ló ń fọ.

Ojú-Inú ló ń bá sọ̀rọ̀. Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún ni, ìdí tí wọ́n sì fi fún un ní ìnagijẹ yẹn ni pé ó lè ta ṣẹ́ẹ̀sì láì wo ọpọ́n rárá. Wọn á máa pe ibi tí wọ́n gbé ọmọ ayò sí fún un, òun náà á máa fèsì láti inú orí rẹ̀. Bàbá rẹ̀, onígbàjámọ̀, ti fi ọ̀rọ̀ náà di gbogbo oníbàárà létí. Kò sí orí kan tó fá lọ́sẹ̀ yẹn tí kò gbọ́ pé ọmọ òun ti fẹ́ di ọ̀gá.

Kò sì parọ́. Oyè ọ̀gá ni àtẹ̀gùn àkọ́kọ́ fún ẹni tó bá ń lá àlá oyè gírándímásítà, èyí tó ga jù nínú ṣẹ́ẹ̀sì. Ẹni tó bá gba máàkì mẹ́fà nínú eré mẹ́sàn-án tí wọ́n ń ta nínú ìdíje yìí ni wọn yóò fi jẹ ẹ́. Máàkì kan ni ti ẹni tó bá borí, ààbọ̀ sì ni ti ẹni tó bá ta ọ̀mì. Ojú-Inú ti ní márùn-ún àtààbọ̀. Eré kan ló kù, ọmọ nọ́ọ̀sì tí wọ́n jọ wà ní kíláàsì kan náà ló sì máa bá ta á. Ọmọ náà sì mọ̀ ọ́n ta bí iná.

"Jẹ́ ká ta ọ̀mì," ni ọmọ nọ́ọ̀sì wí. "Èmi náà ń wá ààbọ̀ kí n má bàa já kúrò láàárín àwọn mẹ́wàá àkọ́kọ́. Àmọ́ tá a bá kàn bọ ara wa lọ́wọ́ báyìí, wọ́n á fura. Wo inú ìwé yìí. Eré àtijọ́ ni, àwọn gírándímásítà méjì ló ta á, ọ̀mì ló já sí. Ìwọ tórí ẹ ń ya fọ́tò nǹkan, ìṣẹ́jú mélòó lo máa fi há a sórí?"

"Ṣé ojóró kọ́ nìyẹn?"

"Ta la jí nǹkan ẹ̀? Àwọn tó ni eré ọ̀hún gan-an ti darúgbó."

Ojú-Inú bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín yẹn ló kó bá a, torí pé bó ṣe ń rẹ́rìn-ín ló na ọwọ́ gba ìwé.

Nígbà tó di aago mẹ́rin, eré bẹ̀rẹ̀. Wọ́n gbé tẹlifíṣọ̀n ńlá kan kọ́ sára ògiri kí àwọn òǹwòran lè máa rí ọpọ́n wọn. Àwọn méjèèjì ń gbé ọmọ ayò kíákíá, bí ọmọ jéléósinmi tó ń ka a, b, d. Gbogbo rẹ̀ ń lọ bí wọ́n ṣe há a títí ó fi di ìgbà kẹtàdínlógún. Ìgbà yẹn gan-an ni bàbá Ojú-Inú wọlé, tó ti ṣọ́ọ̀bù pa nítorí ọmọ rẹ̀. Ó juwọ́ sí i láti ẹ̀yìn. Ojú-Inú rẹ́rìn-ín sí bàbá rẹ̀, ó yíjú padà, ó sì fo ìlà kan. Ẹṣin ló yẹ kó gbé. Ayaba, ọmọ ayò tó lágbára jù lórí ọpọ́n, ló gbé, ó sì gbé e síwájú ọmọ-ogun lásán tó lè mú un lọ́fẹ̀ẹ́.

"Yéè!" ni obìnrin kan ké láàárín èrò. "Ó ti gbé ayaba fún un!"

Ojú-Inú kò gbọ́, ọmọ nọ́ọ̀sì náà kò gbọ́. Orí ló fi ń ta, kì í ṣe ojú. Èyí tó kàn nínú ìwé ló gbé, ó fi ayaba sílẹ̀ níbẹ̀. Ojú-Inú tún gbé tirẹ̀. Ọmọ nọ́ọ̀sì tún gbé tirẹ̀. Ayaba ṣì dúró gbagidi lẹ́nu ọmọ-ogun. Àwọn òǹwòran bẹ̀rẹ̀ sí í wo ara wọn lójú. Òpè tó kọ́ ṣẹ́ẹ̀sì lánàá mọ̀ pé èèyàn kì í rí irú ẹran bẹ́ẹ̀ kó má jẹ ẹ́.

Adájọ́ ìdíje, obìnrin gíga kan, rìn wá, ó sì dá aago dúró.

"Kí ló dé tí o ò mú ayaba yìí?" ló bi ọmọ nọ́ọ̀sì.

Ọmọ nọ́ọ̀sì gbójú sókè bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jí. "Ayaba wo, mà?"

Ìgbà yẹn ni Ojú-Inú wo ọpọ́n. Ó rí ayaba náà. Ọwọ́ pálábá wọn ti ségi, lójú gbogbo èèyàn, lójú bàbá rẹ̀. Ó lè sọ pé àṣìṣe ni, ṣùgbọ́n ahọ́n rẹ̀ kò gbé irọ́ kejì.

"Ẹ jọ̀ọ́, mà," ló wí. "A há a sórí látinú ìwé ni."

Wọ́n mú wọn wọ yàrá kékeré kan tí wọ́n ń kó ìwé tó ti ya sí. Òdo fún àwọn méjèèjì. Ọdún kan gbáko láì fọwọ́ kan ìdíje kankan. Ojú-Inú rò pé ibi tó burú jù nìyẹn. Adájọ́ kò tíì parí ọ̀rọ̀.

"Ìwọ lo na bàbá arúgbó onífìlà búlúù lọ́jọ́ kejì ìdíje?" ló bi Ojú-Inú.

"Bẹ́ẹ̀ ni, mà. Wọ́n rọra ń ta ni. Mo rò pé òpè ni wọ́n."

"Gírándímásítà ni wọ́n. Ẹ̀ẹ̀mejì ni wọ́n gba ife-ẹ̀yẹ gbogbo ilẹ̀ yìí pátá. Ó ti tó ogún ọdún tí wọ́n ti ta gbẹ̀yìn, akọ̀wé wa ò kọ oyè wọn mọ́ orúkọ. Ọ̀sán òní la ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ̀." Adájọ́ fa ìwé ẹ̀rí kan yọ. "Òfin ìdíje yìí ni pé ọ̀dọ́ tó bá na gírándímásítà ti gba oyè ọ̀gá, ì báà fìdí rẹmi nínú gbogbo eré tó kù. A fẹ́ kéde rẹ̀ lẹ́yìn eré yín ni."

Orúkọ Ojú-Inú ló wà lára ìwé náà. Adájọ́ fi gègé fa ìlà gbọọrọ kọjá lórí rẹ̀, nítorí ẹni tó bá ṣe ojóró ti pàdánù ohun gbogbo tó jẹ nínú ìdíje.

Ojú-Inú tẹjú mọ́ ìlà náà. Oyè tó ti wà lápò rẹ̀ láti ọjọ́ kejì ló lọ ṣe ojóró wá!

Nígbà tó jáde, bàbá onífìlà búlúù wà lórí àga lẹ́nu ọ̀nà, bàbá tirẹ̀ sì dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Arúgbó náà wò ó pẹ́. Kò bínú. Ì bá sàn kó bínú.

"Ọmọ mi," ló wí, "ṣé ìwé lo fi na èmi náà?"

"Rárá, sà! Mo fi Ọlọ́run búra, orí ara mi ni mo fi ta á!"

Arúgbó náà mi orí díẹ̀díẹ̀. Kò sọ pé òun gbà á gbọ́, kò sì sọ pé òun ò gbà á gbọ́. Ojú-Inú yíjú sí bàbá rẹ̀.

"Ẹ̀yin ńkọ́, bàbá mi?"

Onígbàjámọ̀ tí ẹnu rẹ̀ kì í sinmi ní ṣọ́ọ̀bù wo ilẹ̀. Ó pẹ́ kó tó sọ̀rọ̀. "Mo gbà ẹ́ gbọ́," ló wí.

Ojú-Inú gbọ́ ọ̀rọ̀ náà, ṣùgbọ́n bó ṣe pẹ́ kó tó jáde ló dùn ún wọ egungun. Ohun tó yé e lọ́jọ́ náà ni pé ojóró kì í ba eré kan ṣoṣo jẹ́. Ẹni tó bá gba ọ̀nà ẹ̀bùrú lẹ́ẹ̀kan, àwọn èèyàn á máa ṣiyèméjì nípa gbogbo ibi tó ti fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn dé.