Yìgì Orí Ìtàgé

"Wọ́n ní ọmọbìnrin yẹn, eléré yẹn..."

"Fàúsát?"

"Òun ni. Wọ́n ní ó ti lọ́kọ tipẹ́, pé Àlàmú ọ̀gá rẹ̀ ló..."

"Háà! Nígbà wo?"

"Lójú gbogbo ayé ni. Ààfáà so yìgì, bàbá rẹ̀ pàápàá sì... Ẹ má dárúkọ mi o."

Báyìí ni ọ̀rọ̀ náà ń ti ẹnu bọ́ sí ẹnu l'Ágége, títí ó fi dé etí Sùlíyá, ìyá Gàníyù, nígbà tí ọmọ rẹ̀ ń múra àtilọ tọrọ Fàúsát.

Lára aṣọ sinimá ni Gàníyù ti kọ́kọ́ rí Fàúsát. Bíríkìlà ni Gàníyù, ilé iṣẹ́ tuntun ni wọ́n ń kọ́ n'Ìkẹjà. Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, ọkọ̀ sinimá ìjọba wá ta aṣọ funfun sí ẹ̀gbẹ́ ibùdó rélùwéè. Obìnrin kan yọ lára aṣọ náà, ó ga ju òrùlé lọ, ó ń wẹ ọmọ. Ó gbójú sókè, ó rẹ́rìn-ín, àfi bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ sunkún tán. Gàníyù gbàgbé ẹ̀pà tó wà lẹ́nu rẹ̀.

"Ọmọ yẹn kì í ṣe ọmọ mi o," ni ohùn kan wí lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. "Ṣe ló ń fà mí nírun ṣáá."

Ó yíjú. Obìnrin ara aṣọ náà ni, ó rí pẹ́ńpẹ́, ó fi ìborùn borí.

"Ìwọ rèé? Mo rò pé o ga ni."

"Aṣọ ló gùn. Bù fún mi nínú ẹ̀pà yẹn, bíríkìlà."

"Ta ló sọ iṣẹ́ mi fún ọ?"

"Sìmẹ́ǹtì tó wà nírun rẹ ni."

Wákà ni Fàúsát kọ́kọ́ ń kọ, tó ń tẹ̀lé ìyá rẹ̀ àgbà ká ilé ìkómọ. Àlàmú gbọ́ ohùn rẹ̀, ó mú un wọ ẹgbẹ́ eléré. Ó ṣe ìránṣẹ́bìnrin, ó ṣe abiyamọ, ó ṣe olorì, kí àwọn onísinimá tó wá a kàn. Ṣùgbọ́n ọ̀gá eléré kì í fẹ́ kí òṣèrébìnrin gidi bọ́ mọ́ òun lọ́wọ́. Ìyàwó ni wọ́n ń fi wọ́n ṣe. Fàúsát kọ̀ fún Àlàmú, ó kúrò lọ́dọ̀ rẹ̀. Ni Àlàmú bá ní kò síbi tó ń lọ, yìgì ti so àwọn pọ̀.

Nínú eré orí ìtàgé ni ọ̀rọ̀ yìgì yìí ti wáyé o, nígbà tí Fàúsát ṣì wà lọ́dọ̀ rẹ̀. Àlàmú ń ṣe baálé tó ń gbé ìyàwó kékeré. Kó lè jọ òótọ́, ó bẹ Ààfáà Shuaib, ààfáà gidi, pé kó wá so yìgì náà. Ó tún fa Àkànjí, bàbá Fàúsát, dìde láàárín òǹwòran pé kó wá dúró bíi bàbá ìyàwó. Ààfáà bi í bóyá ó fi ọmọ rẹ̀ fún ọkùnrin yìí. Àkànjí dáhùn, ṣùgbọ́n Àlàmú ti ń ṣe ẹ̀fẹ̀, ẹ̀rín bo gbogbo ibẹ̀. Fàúsát wà lábẹ́ ìbòjú, kò gbọ́ nǹkan kan. Nígbà tó ṣíjú, bàbá rẹ̀ ti ń lọ, kò wẹ̀yìn. Bí eré ṣe parí, ọkọ̀ gbé wọn lọ sí Abẹ́òkúta tààrà. Kí Fàúsát tó padà, wọ́n ti sin bàbá rẹ̀.

"Ó fi í fún mi," ni Àlàmú ń sọ kiri.

"Gàníyù," ni Sùlíyá wí nígbà tí ọ̀rọ̀ náà dé etí rẹ̀, "wọn kì í fi yìgì ṣeré. Ẹni tó fi ṣàwàdà ti ṣe é nìyẹn. Ṣé aya aláya lo fẹ́ kó bá mi nílé?"

"Ìyá mi, eré ni wọ́n ń ṣe."

"Ààfáà tó so ó, ṣé ààfáà eré ni?"

 Kò sí ẹgbẹ́ eléré tó fẹ́ gba ẹni tí wọ́n ń pè ní ìyàwó Àlàmú, nítorí náà obì ni Fàúsát ń bó ní àgbàlá àwọn olóbì. Ibẹ̀ ni Gàníyù lọ bá a nínú òjò.

"Ààfáà Shuaib ti dé láti Ìjẹ̀bú, Àgídìngbì ló wà. Jẹ́ ká lọ bi í."

"Rárá."

"Olólùfẹ́ mi, kí lò ń bẹ̀rù?"

"Bí bàbá mi bá ti fi mí fún un ńkọ́?" Obì bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. "Ó bínú lọ ni, Gàníyù. Bóyá ó fẹ́ bọ́ lọ́wọ́ ọmọ tó dójú tì í. Bí mi ò bá bi Ààfáà, mo ṣì lè máa rò pé kò sọ bẹ́ẹ̀."

Gàníyù padà sílé, oúnjẹ kò wọ ọ̀fun rẹ̀ mọ́. Ó ń gbẹ lójú ìyá rẹ̀. Nígbà tí ara Sùlíyá kò gbà á mọ́, ó wé gèlè, ó wọ àgbàlá olóbì lọ.

"Ọmọ ọlọ́mọ, nu ọwọ́ rẹ, ká lọ. Etí ara mi ni n ó fi gbọ́ ọ."

Orí ẹní ni Sùlíyá, Gàníyù àti Fàúsát bá Ààfáà, ojú rẹ̀ ti di bàìbàì. Sùlíyá bi í bóyá òótọ́ ni pé Àkànjí fi Fàúsát fún Àlàmú.

"Ta ló sọ bẹ́ẹ̀?" ni bàbá arúgbó náà wí. "Àkànjí kò fi í fún un. Mo rò pé gbogbo yín gbọ́ ni. Yìgì wo ni n ó so tí bàbá kò gbà? Àdúà ni mo ṣe fún àwọn òǹwòran, mo sì sọ̀ kalẹ̀."

Sùlíyá mí kanlẹ̀. Ó mú ọwọ́ Fàúsát, ọwọ́ tí omi obì ti sọ di pupa, ó fi í sínú ti ọmọ rẹ̀.

"Ẹ bá wa so tiwọn ní Jímọ́ọ̀ tó ń bọ̀, Ààfáà. Ẹ̀gbọ́n bàbá rẹ̀ á dúró fún un. Àwa ò sì ní pe aláwàdà kankan."

Gàníyù rẹ́rìn-ín. Fàúsát kò rẹ́rìn-ín. Ó di ọwọ́ Gàníyù mú pinpin, ó kúnlẹ̀ létí ẹní.

"Ẹ jọ̀ọ́, Bàbá. Kí ni bàbá mi sọ gan-an?"

Ààfáà pa ojú dé.

"Ó ní, 'Ẹ má bínú, Ààfáà. Ọmọ mi ń ṣiṣẹ́ lọ́wọ́ ni, mi ò lè fi í fún ẹnikẹ́ni níbí. Bó bá ṣe tán, ẹ ní kó máa bọ̀ nílé. Mò ń lọ bá a gbé oúnjẹ rẹ̀ kaná.'"