Orúkọ Tí A Sọ Létí Kàǹga

Mọ́láyọ̀ ní kí ọmọ mi dárúkọ ara rẹ̀ sínú kámẹ́rà, létí kàǹga tí a kò tíì gbẹ́ kan omi. Èmi tí mò ń fa okùn kọ̀.

"A kì í dárúkọ agbẹ́kàǹga létí ihò tí kò tíì ní omi," mo wí. "Ará Ìsàlẹ̀ là ń pè é títí iṣẹ́ á fi parí."

"Ẹ má bínú, Bàbá. Ibí yìí ni àwòrán ti máa dáa."

Mùrí, ọmọ mi, bú sẹ́rìn-ín. "Bàbá, ẹ̀yin àti agídí yín! Ẹ jẹ́ kí ayé mọ ìyà tó ń jẹ wá."

Mọ́láyọ̀ kò bá iléeṣẹ́ kankan ṣiṣẹ́. Òun nìkan ló ń gbé kámẹ́rà káàkiri, tó ń ya fíìmù àwọn tó ń fi òógùn jẹun. Ó ti ya àwọn afọ́kùúta ní Ilé-Ogbó kó tó wá bá wa ní Ìwó. Mùrí jókòó, ó dárúkọ ara rẹ̀, ti ìyá rẹ̀ tó ti kú, àti ti Kafilat ìyàwó rẹ̀. Ó fi àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ tó ti bó hàn. Lẹ́yìn náà, ó padà sísàlẹ̀.

Mọ́láyọ̀ ń gbọ́ ohun tó gbà sílẹ̀. Ojú rẹ̀ yí padà. Ó fi íápíìsì sí mi létí. Ohùn Mùrí ń sọ̀rọ̀ ketekete. Lábẹ́ ohùn náà, ẹnìkan ń gbẹ́ ilẹ̀. Gbì. Gbì. Bẹ́ẹ̀ sì rèé, nígbà tó ń sọ̀rọ̀ yẹn, kò sí ẹnì kankan nínú kàǹga.

"Bàbá," ó sọ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́, "ta ló wà nísàlẹ̀?"

Mo sáré sétí kàǹga. "Mùrí!"

"Bàbá, mo wà ńbí." Ohùn méjì ló dáhùn, bákan náà.

Mo béèrè orúkọ ìyàwó rẹ̀. "Kafilat," ni àwọn méjèèjì wí. Gbogbo ohun tí mo lè béèrè ló ti sọ tán sínú ihò yẹn. Àfi ẹyọ kan.

"Kí ni ìyá rẹ máa ń fi pè ọ́ ní kékeré?"

Ohùn kan dákẹ́. Èkejì rẹ́rìn-ín díẹ̀: "Olè Ẹ̀pà."

"Ìwọ tó dáhùn, di okùn mú!"

Mo gbọ́ ìjàkadì nísàlẹ̀, lẹ́yìn náà okùn le. Èmi àti Mọ́láyọ̀ fà á. Mùrí jáde, amọ̀ bò ó láti orí dé ẹsẹ̀. Mo dì mọ́ ọn, mo sunkún.

"Bàbá! Èmi nìyí! Ẹ fà mí!" Ohùn kejì ń ké nísàlẹ̀.

A da òkúta àti iyẹ̀pẹ̀ lé e lórí títí igbe náà fi dákẹ́.

Nígbà tí a délé, Mùrí wẹ̀. Kafilat gbé gààrí àti ẹ̀pà síwájú rẹ̀. Ó na ọwọ́. Àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ dán bíi ti ọmọ tuntun.

"Bàbá," ó wí, ó ń wo ẹ̀pà náà, "Olè Ẹ̀pà tí èkejì mi fi dá yín lóhùn yẹn, kí ló dé tí wọ́n fi ń pè é bẹ́ẹ̀? Mo ronú títí, mi ò mọ̀ ọ́n."