Omijé Rosenda

Ìyá arúgbó kan jókòó sórí ọkọ̀ tí wọ́n dojú rẹ̀ dé létíkun Navotas, nítòsí Manila ní ilẹ̀ Philippines. Irun rẹ̀ funfun bí òwú, ojú rẹ̀ hunjọ, ọwọ́ rẹ̀ sì ń gbọ̀n. Anselmo tó ń kan ọkọ̀ nítòsí ibẹ̀ fi òòlù sílẹ̀, ó tẹríba, ó sì gbé ọwọ́ ìyá náà kan iwájú orí ara rẹ̀, bí a ti ń kí àgbà.

"Ọlọ́run á bù kún ọ, ọmọ mi," ni ìyá náà wí. Ló bá bú sẹ́rìn-ín, eyín rẹ̀ sì pé rekete bíi ti ọmọge. Àwọn tó ń ya fíìmù, tí wọ́n fara pamọ́ sẹ́yìn ọkọ̀, bú sẹ́rìn-ín pẹ̀lú.

Rosenda Malabanan, òṣèré tí gbogbo Manila mọ̀, nìyẹn. Ojú ti Anselmo. Rosenda ní kó má bínú, pé kò sẹ́ni tó tíì yin iṣẹ́ òun tó bẹ́ẹ̀ rí. Nígbà tó fọ àwọ̀ arúgbó kúrò lójú tán, ó padà wá bá a.

"Ọmọ mi, ṣé o ò ní fún ìyá ẹ lómi mu ni?"

"Ẹ jókòó, ìyá àgbà," ni Anselmo fèsì, "ṣùgbọ́n ẹ má bá mi wí tí mo bá ń wojú yín o."

Ibẹ̀ ni ìfẹ́ wọn ti bẹ̀rẹ̀. Anselmo wo gbogbo fíìmù rẹ̀. Ó rí i bíi asínwín tó ń wá ọmọ kiri, bíi ìkà tó gbá ìyá ọkọ rẹ̀ létí, bíi ẹlẹ́ja tó pa gbogbo ènìyàn lẹ́rìn-ín. Kó tó ṣe ẹlẹ́ja yẹn, ó ti bá àwọn obìnrin ọjà họ ìpẹ́ ẹja títí ìka rẹ̀ fi bó.

Ṣùgbọ́n láàárín wa, òbí ọkọ gbọ́dọ̀ gun àtẹ̀gùn ilé ìyàwó lọ tọrọ rẹ̀. Bàbá Anselmo ti kú, ìyá rẹ̀, Aling Pasita, ló kù, ó sì kọ̀ jálẹ̀. Anselmo rò pé torí ìgbátí inú fíìmù ni.

"Ìgbátí kọ́," ni ìyá rẹ̀ wí. "Ẹkún ni. Ẹni tó ń sunkún nígbà tí wọ́n bá ní kó sunkún, ọjọ́ wo lo máa mọ̀ pé tòótọ́ ni?"

Anselmo ní kí àwọn ṣègbéyàwó láìsí ìyá òun. Rosenda ò gbà. Ó ní òun ò ní gba ọmọ lọ́wọ́ ìyá rẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọ̀rọ̀ náà dun òun dọ́kàn.

Kò pẹ́ tí ìyá tó bí Aling Pasita fi kú. Àwọn aládùúgbò dúró lẹ́nu ọ̀nà kí wọ́n lè rí bí òṣèré ṣe máa sunkún. Rosenda wọlé, ó ṣe àmì àgbélébùú níwájú òkú, ó sì gba ẹ̀yìnkùlé lọ. Ó ń fọ ife, ó ń se omi atalẹ̀ fún àwọn àlejò. Ọjọ́ kejì, ó tún wá.

"Wọn ò tíì sanwó ẹkún fún un ni," ni obìnrin kan wí.

Aling Pasita gbọ́. Ó lọ bá Rosenda lẹ́yìnkùlé.

"Ìyá mi fẹ́ràn ẹ nínú fíìmù gan-an. Kí ló dé tó ò sunkún?"

Rosenda ò gbójú sókè. "Tí mo bá sunkún, Màmá, inú mi á máa wò ó bóyá ó dáa. Òkú yín lẹ̀ ń sin. Mi ò fẹ́ ṣeré níbí."

Aling Pasita mú aṣọ ìnuwọ́, ó sì ń nu ife tí Rosenda ń fọ̀.

Nígbà tí ọdún ọ̀fọ̀ pé, Aling Pasita gun àtẹ̀gùn ilé àwọn Malabanan pẹ̀lú ìkòkò oúnjẹ lọ́wọ́, Anselmo ń tẹ̀ lé e. Bàbá Rosenda béèrè ohun tó gbé wọn wá, bí ó tilẹ̀ mọ̀ ọ́n.

"Ọmọ mi fẹ́ ọmọ yín," ni Aling Pasita wí. "Èmi náà fẹ́ ẹ."

Wọ́n pe Rosenda jáde láti ilé ìdáná. Ó lọ jókòó ti Aling Pasita.