Gbẹ́rẹ́ Tí Olúsànyà Sín fún Nùrẹ́nì

Ọ̀rẹ́ òǹkàwé, ta ni o fi ẹ̀mí rẹ lé lọ́wọ́?

Ní Egan, lẹ́bàá Igando, Olúsànyà ni wọ́n máa ń pè bí ilẹ̀ tí wọ́n fẹ́ kọ́lé sí bá ti di igbó. Kì í wọ bàtà òjò, ọwọ́ lásán ló fi ń kó koríko. Gbẹ́rẹ́ ejò wà lọ́rùn ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì, ó sì ń fi í yangàn bí ẹni tó joyè.

Charles tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́ kì í dákẹ́. "Bọ̀ọ̀dá, ẹ jẹ́ ká fi igi tú koríko ká tó tọwọ́ bọ̀ ọ́. Sèbé á gbé ọrùn sókè kẹ́ ẹ rí i, àmọ́ paramọ́lẹ̀ kì í sá, á kàn sùn síbẹ̀ bí ewé gbígbẹ ni. Ẹ fi oògùn yẹn sílẹ̀ jàre, ẹ wá sọ́dọ̀ Jésù."

Ọ̀rọ̀ náà á gba etí ọ̀tún wọlé, á gba tòsì jáde.

Nùrẹ́nì, ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ tó ń bá wọn ṣiṣẹ́, ní kí Olúsànyà sín tòun náà. Ó sín in. Nígbà tí paramọ́lẹ̀ bu Nùrẹ́nì ṣán lẹ́sẹ̀, ó kọ̀ láti lọ sí ọsibítù. Ó ní, "Mo ti ní gbẹ́rẹ́, ó máa rọlẹ̀." Ẹsẹ̀ náà wú dé itan. Kí ilẹ̀ tó ṣú lọ́jọ́ kejì, wọ́n ti sin ín.

Láti ìgbà náà ni ẹ̀rù ti ń ba Olúsànyà. Bó bá ń fọwọ́, ó ń rí ọwọ́ Nùrẹ́nì tó nà sí i, tó ń dúró de abẹ. Síbẹ̀ ó ń sín gbẹ́rẹ́ fún àwọn ènìyàn, nítorí bó bá ṣíwọ́, a jẹ́ pé òun ló pa á.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, Súmbọ̀ ìyàwó rẹ̀ ń fa igi ìdáná yọ lẹ́yìn ilé ni paramọ́lẹ̀ bá bù ú ṣán lọ́wọ́. Ó sáré tọ ọkọ rẹ̀ lọ. "Bàbá Hope, ẹ tètè sín gbẹ́rẹ́ fún mi."

Olúsànyà mú abẹ, àmọ́ ó jù ú sílẹ̀. "Irọ́ ni, Súmbọ̀. Irọ́ ni gbogbo ẹ̀. Èmi ni mo pa Nùrẹ́nì."

Ó ké pe Charles. Charles ní kí wọ́n má sín nǹkan kan, kí wọ́n má fi okùn dì í, kí Súmbọ̀ má mi ọwọ́ náà rárá. Wọ́n fi kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta gbé e lọ sí ọsibítù, wọ́n fún un ní abẹ́rẹ́ tó ń pa oró ejò. Ó yè.

Lẹ́gbẹ̀ẹ́ bẹ́ẹ̀dì Súmbọ̀ ni Olúsànyà kúnlẹ̀ sí. "Charles, ṣé Jésù lè gba apànìyàn?"

"Irú yín ló wá fún."

Ó sunkún, ó sì fi ayé rẹ̀ fún Jésù. Lẹ́yìn náà ó lọ jẹ́wọ́ fún ìyá Nùrẹ́nì. Ìyá náà wọlé, ó sì ti ilẹ̀kùn.

Ọ̀rẹ́ mi, Ọlọ́run dárí jì í, ṣùgbọ́n Nùrẹ́nì kò jí. Ìwọ náà ní àwọn tó gbà ọ́ gbọ́, tí wọ́n ń tẹ̀lé ọ lọ síbi tí ò ń lọ. Ronú pìwà dà lónìí, nígbà tí ẹni tí o lè kìlọ̀ fún ṣì wà láàyè.